Wákà Tí Wọ́n Fi Pàdé Àníkẹ́

Bí mo bá gbóòórùn tùràrí níbikíbi, Bẹyẹrunka ní Ìbàdàn ni ọkàn mi ń lọ tààrà, sí ẹnu ọ̀nà agbo ilé kan tí ògiri rẹ̀ pupa, tí páánù orí rẹ̀ sì ti dípẹtà. Agbo ilé ìyá tó bí mi ni, síbẹ̀ mo ti lé lọ́gbọ̀n ọdún kí n tó mọ bí inú rẹ̀ ṣe rí. Orin fíìmù ló gbé mi débẹ̀.

Òmìnira ò tíì pẹ́ nígbà náà. Dùùrù ni mo ń tẹ̀ ní ṣọ́ọ̀ṣì, mo sì ń kọ orin fún àwọn tó ń ya fíìmù. Má rò pé nǹkan ńlá ni o; fíìmù kéékèèké ni, lórí kòkó, lórí omi ẹ̀rọ. Èyí tí mo ń sọ yìí dá lórí Ìbàdàn fúnra rẹ̀, ó sì parí síbi tí ìyá àgbà kan ti Mẹ́kà dé, tó sọ̀ kalẹ̀ nínú mọ́tò, tí àdúgbò tú jáde wá pàdé rẹ̀. Mo fi dùùrù kọ orin sí i. Ọ̀gá tó ya fíìmù náà gbọ́ ọ, ó ní ó jọ orin tí wọ́n fi ń gba ọrẹ ní ṣọ́ọ̀ṣì, àti pé bí n kò bá rí èyí tó bá a mu kí ọ̀sẹ̀ tó parí, òun á gbé iṣẹ́ náà fún ẹlòmíràn. Ó dùn mí wọra, nítorí pé òótọ́ ló sọ.

Wákà ni àwòrán náà ń fẹ́, orin tí àwọn obìnrin Mùsùlùmí fi ń pàdé ẹni tó ti Mẹ́kà bọ̀. Ẹ̀gbọ́n màmá mi sì ni olórí àwọn oníwákà Bẹyẹrunka. Wàhálà ibẹ̀ ni pé nígbà tí màmá mi fẹ́ bàbá mi, tíṣà ọmọ ìjọ Áńgílíkà, bàbá wọn ní kí màmá mi má tẹ agbo ilé náà mọ́. Bàbá ọ̀hún ti kú tipẹ́. Tẹ̀gbọ́n tàbúrò ń pàdé ní Ọjà'ba, wọ́n ń bá ara wọn ṣẹ̀fẹ̀, ṣùgbọ́n kò sẹ́ni tó ní kí màmá mi máa bọ̀ nílé, màmá mi náà ò sì bèèrè. Ọdún wá ń gorí ọdún.

Màmá mi sìn mí débẹ̀ lọ́jọ́ tí mo fẹ́ lọ gba orin wákà sílẹ̀, wọ́n wá jókòó sábẹ́ ìbòòji ilé tó kọjú sí i, wọ́n ní kí n máa wọlé ní tèmi, oòrùn ti mú àwọn jù. Nínú ilé, tùràrí ń rú lórí ẹyin iná, àwọn obìnrin kún orí ẹní. Mo gbé ẹ̀rọ agbohùnsílẹ̀ kalẹ̀, wọ́n dá orin. Ọ̀rẹ́ mi, àtẹ́wọ́ wà, ohùn wà, ṣùgbọ́n orin náà tutù bí ẹ̀kọ àná. Wọ́n tún un kọ, ó tún wá burú sí i. Ẹnì kan ti ń tún gèlè rẹ̀ wé. Òógùn bò mí, mo ti ń rí iṣẹ́ mi lọ́wọ́ ẹlòmíràn.

Ẹ̀gbọ́n màmá mi gbọ́wọ́ sókè, wọ́n dá orin dúró. Wọ́n ní a kì í fi wákà pàdé àyè òfìfo; ojú ẹni tó dé ni olórí orin ń wò, oríkì onítọ̀hún ló sì ń fà á lọ síbi tó kàn. Mo ní kí wọ́n fi pàdé èmi. Wọ́n rẹ́rìn-ín, wọ́n bi mí bóyá Mẹ́kà ni mo ti ń bọ̀ ni àbí Mólétè, nínú Ìbàdàn níbí. Lẹ́yìn náà ni wọ́n bèèrè ẹni tó mú mi wá. Mo ní màmá mi ni, wọ́n wà níta.

Ẹ̀gbọ́n màmá mi wolẹ̀ díẹ̀, wọ́n dìde, wọ́n tún ìborùn wọn ṣe, wọ́n jáde sẹ́nu ọ̀nà. Mo tẹ̀ lé wọn.

“Àníkẹ́, dìde, máa bọ̀ nínú ilé.”

Màmá mi ò kúrò lórí ìjókòó. “Bàbá ò ní kí n padà wá.”

“Bàbá ti lọ. Èmi làgbà ilé báyìí.”

Màmá mi bọ́ bàtà sọ́wọ́, wọ́n rọra kọjá níwájú mi, wọ́n wọlé. Kí ẹsẹ̀ wọn méjèèjì tó wọnú ilé tán, orin ti sọ. Àwọn obìnrin kí wọn kú ìrìn, wọ́n ní ọ̀nà jìn, wọ́n pe Àníkẹ́, wọ́n ń ki oríkì wọn dé orí àwọn ìyá ńlá tí n kò gbọ́ orúkọ wọn rí. Ọpẹ́lọpẹ́ pé n kò tíì pa ẹ̀rọ. Mo sunkún níbẹ̀, mi ò sì tijú.

Orin yẹn ni mo lò. Ìwọ̀nba dùùrù ni mo fi tì í lẹ́yìn, kó má bo àtẹ́wọ́ mọ́lẹ̀. Nígbà tí ọ̀gá náà gbọ́ ọ, ó kàn ní kí n tún un gbé sí i ni, mo sì mọ̀ pé iṣẹ́ ti bọ́ sí i. Gbọ̀ngàn kan lókè Mápó ni wọ́n ti kọ́kọ́ fi fíìmù náà hàn, tẹ̀gbọ́n tàbúrò sì jókòó ti ara wọn níwájú mi. Bí ìyá àgbà inú fíìmù ṣe ń sọ̀ kalẹ̀ nínú mọ́tò ni ohùn àwọn obìnrin ń pe Àníkẹ́ kiri gbọ̀ngàn. Màmá mi yíjú sí ẹ̀gbọ́n wọn, wọ́n ní ìyá yẹn kọ́ ló ń jẹ́ bẹ́ẹ̀.

“Jókòó jẹ́ẹ́,” ni ẹ̀gbọ́n wọn dá wọn lóhùn. “Ìwọ la fi ń pàdé.”

Mo ti kọ orin fíìmù púpọ̀ lẹ́yìn ìgbà náà. Títí di òní, n kì í fọwọ́ kan dùùrù láìkọ́kọ́ bi ara mi pé ta ló ń bọ̀ wálé.