Omi Orí Páànù Bàbá Onílé

Kànga kan ṣoṣo ló wà nínú ilé tí mo háyà yàrá sí ní Ọ̀rẹ̀, okùn ṣòkòtò Bàbá onílé ni kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ sì máa ń wà. Àárọ̀ nìkan ni wọ́n ń ṣí i fún àwa ayálégbé.

Nígbà tí òjò àkọ́kọ́ dé, a rò pé a ti bọ́. A to báàfù sábẹ́ ọ̀ṣọ́ọ̀rọ̀. Bàbá gbé agboòrùn jáde, wọ́n ní, "Ta ló ra páànù tí òjò yìí ń ṣàn lórí ẹ̀?" Ni wọ́n bá ti báàfù wa sẹ́yìn, wọ́n yí dúróòmù tiwọn síbi tí omi ti ń dà jù.

Inú bí mi. Láti ọdún tó kọjá ni mo ti ń sọ fún wọn pé páànù yẹn ń jò sórí bẹ́ẹ̀dì mi. Mo gbé báàfù tó ti kún lórí bẹ́ẹ̀dì lọ bá wọn, mo kúnlẹ̀, mo ní, "Bàbá, omi páànù yín rèé."

Mo rò pé ojú á tì wọ́n. Wọ́n gbà á, wọ́n dà á sínú dúróòmù, wọ́n ní, "O ṣeun, ọmọ mi. Tó bá tún kún, máa gbé e bọ̀."