Pápá Sinimá àti Ẹnu Màámi

Màámi kì í dákẹ́, ṣùgbọ́n nígbà tó dé bá wa ní Lilburn, lẹ́bàá Atlanta, kò rẹ́ni bá sọ̀rọ̀. Èmi àti ọkọ mi ń sáré iṣẹ́. Ọmọbìnrin mi, ọmọ ọdún mẹ́sàn-án, kò gbọ́ ju "ẹ káàárọ̀" lọ, ìyẹn gan-an ń dún bíi pé òyìnbó ló ń kí ni. Ó ká Màámi lára. Ó ní òun ò ní padà sílé àfi tí ọmọ náà bá bá òun sọ Yorùbá.

Pápá sinimá ló bá wa ṣe é. Inú mọ́tò lèèyàn ti ń wo fíìmù níbẹ̀, inú rédíò mọ́tò sì lohùn àwọn òṣèré ti ń jáde. Lọ́jọ́ àkọ́kọ́, òyìnbó wọn sú Màámi, ó ní kí n pa rédíò. Ló bá ń fi Yorùbá sọ̀rọ̀ dípò gbogbo àwọn tó wà nínú fíìmù: ọlọ́pàá ń gba rìbá, ìyàwó ń bú ìyá ọkọ, ajá pàápàá ń ráhùn pé ebi ń pa òun. Ọmọ mi rẹ́rìn-ín títí ó fi ń di inú mú. Kò pẹ́ tó fi gba ti ajá sọ, lẹ́yìn náà, ti ìyàwó. Gbogbo Sátidé la ń lọ.

Ayọ̀ àyọ̀jù làkèré fi ń ṣẹ́ nítan. Wọ́n ta pápá náà. Katakata wó ògiri funfun tí wọ́n ń tan fíìmù sí, ilé ìkẹ́rù-sí ni wọ́n ń kọ́ síbẹ̀ báyìí. Gbogbo ibi téèyàn yíjú sí, ilé ìkẹ́rù-sí. Olójúkòkòrò ni àwọn tó ń kọ́ wọn, mi ò sì ní tọrọ àforíjì pé mo sọ bẹ́ẹ̀.

Ó wá ku sinimá inú mall. Bí fíìmù ṣe bẹ̀rẹ̀, Màámi gbẹ́nu lé e bó ṣe máa ń ṣe. Àwọn tó wà níwájú ń wẹ̀yìn, wọ́n ń pòṣé. Mo fọwọ́ kàn án lórúnkún, ó ní kí n fi òun sílẹ̀ jàre. Ẹnì kan sọ gúgúrú lù wá. Àwọn ọmọ kíláàsì ọmọ mi méjì wà níbẹ̀, wọ́n ń fi wá rẹ́rìn-ín. Ọmọ mi rí wọn. Ló bá kọjú sí ìyá mi.

"Màmá, ẹ panu yín mọ́. Ẹ ń dójú tì mí."

Mo ti gbọ́wọ́ sókè kí n gbá a létí. Ṣùgbọ́n gbólóhùn náà lọ geere, kò ṣi ohùn kankan, kò sì gbàgbé "ẹ" tí à ń lò fágbà.

Màámi panu mọ́. Nígbà tó yá, ó sọ sí mi létí.

"Ó ti gbọ́ Yorùbá báyìí. Bá mi wá ọkọ̀ òfurufú tí n ó bá lọlé."