Àdúrà Tí A Gbà Nínú Ilé Olódi

Kò sí awakọ̀ tó mọ ọ̀nà jù mí lọ ní gbogbo Plumstead. Ìwé mẹ́fà péré ni mo kà, mo sì ń gbé àwọn tó ka yunifásítì kiri Lọ́ńdọ̀nù. Nítorí náà, nígbà tí ṣọ́ọ̀ṣì wa ní kí n fi bọ́ọ̀sì gbé àwọn Mummy lọ wo ilé olódi àtijọ́ kan ní abúlé kékeré kan ní Kent, mo ní kí wọ́n má wulẹ̀ wá ẹni tó máa ṣàlàyé. Èmi náà ti tó.

Ọmọbìnrin mi tó jẹ́ nọ́ọ̀sì bá wa lọ. Bí a ṣe wọlé, ó dúró níwájú pátákó tí wọ́n kọ ìtàn ilé náà sí.

“Daddy, ẹ jẹ́ n kà á fún wọn.”

“Ìwọ ta ni? Tẹ̀ lé wa jàre.”

Mo pìtàn bí ẹni tí wọ́n bí sínú ògiri náà. Mo ní ọba mẹ́rin ló jẹ níbẹ̀, pé inú odò tí wọ́n gbẹ́ yí i ká ni àwọn olorì ti ń wẹ̀. Nínú yàrá tóóró kan lókè, mo rí àga òkúta tí wọ́n kọ́ mọ́ ògiri, ihò róbótó wà láàárín rẹ̀.

“Ìtẹ́ ọba rèé o! Ihò yẹn ni wọ́n ń ki ọ̀pá àṣẹ bọ̀.”

Mummy tó dàgbà jù nínú wa kúnlẹ̀, tòun ti orúnkún tó ń dùn ún. Ó fọwọ́ pa òkúta náà, ó fi ra orí. “Àwọn ọmọ wa á jókòó níbi gíga nílùú yìí!” A ṣe Àmín, ògiri ń dáhùn.

Nígbà tí a sọ̀ kalẹ̀, Mummy náà pe ọmọ mi. “Nọ́ọ̀sì wa, kí ni wọ́n kọ nípa ìtẹ́ yẹn?”

Ó wo pátákó, ó wò mí. “Bí Daddy ṣe sọ ọ́ náà ni, Mummy.”

Orí mi wú.

Inú bọ́ọ̀sì, lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, ló ti sọ ọ́ jẹ́ẹ́jẹ́. “Daddy, ṣáláńgá ni. Inú odò yẹn ni gbogbo ẹ̀ ń já sí. Ọba kankan ò gbébẹ̀ rí. Jagunjagun olówó kan ló kọ́ ọ, àwọn ọmọ ẹ̀ tà á.”

Mi ò lè wo dígí mọ́, nítorí Mummy ń rẹ́rìn-ín músẹ́ lẹ́yìn.

Òun ni mo já sílẹ̀ kẹ́yìn, ní Thamesmead. Mo dọ̀bálẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà ẹ̀, mo jẹ́wọ́.

Ó ní kí n dìde. “Jónà gbàdúrà nínú ẹja, Ọlọ́run gbọ́. Ti ṣáláńgá kọ́ ló dùn mí. O sọ ọmọ ẹ di òpùrọ́ lójú mi. Òun ni kó o lọ bẹ̀.”

Mo padà sínú bọ́ọ̀sì. Ọmọ mi ti gbọ́ gbogbo ẹ̀. Èmi tí ẹnu mi kì í sinmi, mo wá ọ̀rọ̀ tí bàbá fi ń bẹ ọmọ, mi ò rí.

“Ṣé ebi ń pa ẹ́?”

“Rárá, Daddy.”

Mo ṣáná sí ọkọ̀. Mi ò tí ì bẹ̀ ẹ́ títí dòní.