"Àwọn" Inú Fíìmù Hàbíbà

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń wọ ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ wa, ilé ìwé lẹ ṣì wà lọ́dún tí a daṣẹ́ sílẹ̀ ní ilé ìkẹ́rùsí kan ní Ballycoolin, nílẹ̀ òyìnbó níbí, nítorí pé ọ̀gá gba àkókò ìsinmi wa. Èmi ni mo ṣáájú. Kí ẹnikẹ́ni má bá mi jiyàn lórí ìyẹn. Èmi ni mo dúró lẹ́nu ọ̀nà nínú òjò, tí mo pariwo títí ohùn mi fi há.

Hàbíbà, ọmọ Kàmọ́rù tí a jọ ń ṣiṣẹ́, ló ya fíìmù wa. Ó ti wo fíìmù àwọn ọ̀dọ́ Jámánì ìgbà kan tí wọ́n kọ sinimá àwọn baba wọn sílẹ̀: wọ́n ń yàwòrán láìgbàṣẹ, wọ́n ń fi abẹ́rẹ́ ha fíìmù, wọ́n sì ń fi í hàn ní yàrá abẹ́ ilé. Bẹ́ẹ̀ náà ló ṣe tiwa.

Nígbà tó fi í hàn wá, ọwọ́ àti bàtà ni mo ń rí lára ògiri. Ojú Kàmọ́rù nìkan ló hàn. Ọmọ rẹ̀ bi í pé ta ló ṣáájú. Ariwo ọkọ̀ bo ìdáhùn rẹ̀, ṣùgbọ́n Gẹ̀ẹ́sì hàn nísàlẹ̀: "They led it. They've lost their voices."

Inú bí mi. Kàmọ́rù ti pín iṣẹ́ mi fún gbogbo ayé, ó wá fi ojú tirẹ̀ síbẹ̀! Nígbà tí wọ́n pe fíìmù náà sí àjọ̀dún fíìmù ní Berlin, mo jowú gidigidi. Ní mọ́ṣáláṣí, mi ò dúró nítòsí Kàmọ́rù mọ́.

Lẹ́yìn oṣù mélòó kan, Hàbíbà wá sílé mi ní Lucan.

"Ẹ kú ilé, Uncle. Daddy says I've a line wrong and to ask you."

Ó gbé fóònù rẹ̀ sí mi létí. Ohùn Kàmọ́rù dún ketekete, láìsí ariwo ọkọ̀: "Àwọn ni wọ́n ṣáájú. Ohùn wọn ti há."

"So who's they?"

"Èmi ni. Mo ju bàbá ẹ lọ, kò lè máa fi 'ó' sọ̀rọ̀ mi."

"Ah no. It's one person? Sorry, Uncle. Will I change it to 'he'?"

Ó yẹ kí n ní kó fi í sílẹ̀, torí èmi nìkan kọ́ ni mo daṣẹ́ sílẹ̀. Mo ní kó yí i, kó sì kọ orúkọ mi sí i.

A gba ìsinmi wa padà. Àwọn méjì nínú wa tí wọ́n lé lẹ́nu iṣẹ́ torí ìdaṣẹ́sílẹ̀ náà ò padà. Kàmọ́rù kéré sí mi, mi ò fi "ẹ" pè é rí. Ṣùgbọ́n "ẹ má bínú" ni mo jẹ ẹ́ ní gbèsè fún owú mi, mi ò sì tíì sọ ọ́.