Orin Òfì Tí Mi Ò Gbọ́ Parí

Kékeré ni mo ṣì wà, mo ṣẹ̀ṣẹ̀ ń pààrọ̀ eyín, nígbà tí bàbá àti ìyá mi fi mí sílẹ̀ sọ́dọ̀ ìyá ìyá mi ní Kàbà, tí wọ́n lọ wáṣẹ́ ní Kàdúná. Ẹ̀yin tí ìyá àgbà tọ́ dàgbà mọ bó ṣe máa ń rí: ẹran tó tóbi jù nínú ọbẹ̀ ni tèmi, ṣùgbọ́n kò sí ọmọdé kankan nílé tó máa bá mi dù ú. Èmi nìkan ni mò ń ta òkòtó, èmi nìkan ni mò ń borí, èmi náà nìkan ni mò ń pàdánù.

Ahunṣọ ni ìyá àgbà mi, tí mò ń pè ní Màmá. Òfì rẹ̀ dúró gbọnrangandan ti ògiri ọ̀dẹ̀dẹ̀, ó ga jù mí lọ. Bí mo bá ti gbálẹ̀, tí mo pọnmi, tí mo jẹ iṣu sísun àti epo pupa, ẹsẹ̀ òfì ni mo ń lọ jókòó sí. Igi pẹlẹbẹ tó fi ń lu òwú pọ̀ á máa dún gbì, gbì, Màmá á máa fi ohùn wúyẹ́wúyẹ́ kọrin tẹ̀lé e. Bí orin yẹn bá ti ń lọ, mi ò ní rántí Kàdúná. Lọ́jọ́ kan, mo fi ìka ta òwú náà bí ẹni ń ta gìtá, ó sì já. Orí ìkúnlẹ̀ ni mo wà títí ẹsẹ̀ mi fi kú. Àwọn tó ń bi mí níbi tí mo ti kọ́ṣẹ́ orin, ibẹ̀ ni.

Orin náà kì í parí. Bó bá kù díẹ̀ kó débi tí etí ń retí, Màmá á tún padà síbẹ̀rẹ̀. Lágboolé wa, ahunṣọ kì í kádìí orin rẹ̀ nígbà tí aṣọ bá ṣì wà lórí òfì. Ọjọ́ tó bá gé aṣọ sílẹ̀ ló ń kọ ìparí rẹ̀. Àárọ̀ ọjọ́ ọjà ni Màmá sì ń gé aṣọ, nígbà tí mo ti wà níléèwé. Mo bẹ̀ ẹ́ títí. Ó fi ìkíni ìlú wa pẹ̀tù sí mi nínú, ó ní, “Okun, ọmọ mi. Mo ti ta òwú aṣọ tìrẹ sórí òfì. Ìṣojú rẹ ni màá ti gé e.”

Kí aṣọ mi tó parí, àwọn òbí mi wá mú mi lọ. Mo sunkún dé Lọ́kọ́ja. Màmá ní bí òun bá hun aṣọ náà tán, á dúró lórí òfì dè mí. Aṣọ dúró lóòótọ́. Màmá ni kò dúró.

Abúja ni mò ń gbé báyìí, tí mò ń ṣe orin sí àwọn fíìmù kéékèèké, irú èyí tí olùdarí fúnra rẹ̀ ń gbé kámẹ́rà. Ìgbà tí àwọn òṣèré bá ti túká lọ sílé ni olùdarí tó ń fi fíìmù náà ránṣẹ́ sí mi. Èmi á wá jókòó, àwọn èèyàn tí kò mọ̀ mí á máa rẹ́rìn-ín lójú kọ̀ǹpútà. Lọ́dún yìí, wọ́n gbé fíìmù obìnrin kan tó padà sílé ìyá rẹ̀ wá. Mo fi orin Màmá sí i, ó bá a mu rẹ́gí. Ṣùgbọ́n ibi tí obìnrin náà ti ti ilẹ̀kùn, orin gbọ́dọ̀ parí níbẹ̀, mi ò sì mọ ìparí. Gbogbo èyí tí mo hùmọ̀ ń dún bí irọ́ létí mi.

Mo gbọ̀nà ìlú Ìyarà lọ bá àbúrò Màmá, òun nìkan ló kù. Mo kúnlẹ̀, mo ní, “Ẹ okun o, Màmá.” Ó ní, “Okun o.” Mo bẹ̀ ẹ́ pé kó kọ ìparí orin ẹ̀gbọ́n rẹ̀ fún mi. Ó mi orí.

“Tèmi ni mo mọ̀. Oníkálukú ló ní tirẹ̀.” Ó wọ yàrá, ó gbé aṣọ mi jáde, pupa àti aró, ó ṣì wà lára igi òfì. “Ẹni tó bá gé aṣọ ló ń kádìí orin. Gé e. Ohun tó bá jáde lẹ́nu rẹ, òun náà ni.”

Mo gba abẹ lọ́wọ́ rẹ̀. Mi ò lè gé e, mo gbé e lọ sí Abúja bó ṣe wà.

Nínú fíìmù náà, orin dá dúró lẹ́nu ọ̀nà, gbì, gbì nìkan ló kù. Olùdarí pè mí, ó ní, “Àǹtí, ṣé orin ò já báyìí?” Mo ní bí wọ́n ṣe kọ́ mi nìyẹn.

Nígbà tí mo wà ní Kàbà, ààbọ̀ orin ni mo ní, mo sì ní ẹni tó ń kọ ọ́. Lónìí, kò sí ohun èlò orin tí kò sí nínú kọ̀ǹpútà mi, ilé sì dákẹ́ rọ́rọ́. Ara ògiri yàrá iṣẹ́ mi ni aṣọ náà wà, òwú rẹ̀ pé lára igi. Màmá Ìyarà a máa bi mí lórí fóònù pé kí ni mò ń dúró dè. Ẹ̀rù ló ń bà mí. Bí orin yẹn bá parí, ta ni yóò kù tí yóò máa bá mi gbélé?