Iṣan Márùn-ún Tí Mo Mọ̀ Lórí

Àwòrán àpòlúkù ni mo lẹ̀ mọ́ ògiri yàrá wa ní Ìsọlọ̀ lọ́dún tí mo ń kọ́ bí ara ènìyàn ṣe rí nílé ẹ̀kọ́ ìṣègùn. Bírò pupa ni mo fi fa àwọn iṣan tó ń gbé ẹ̀jẹ̀ lọ síbẹ̀, márààrún. Ẹ̀gbọ́n ìyá mi tó gbà mí sọ́dọ̀, tí wọ́n ń ta ańkárá l'Aswani, kò mọ̀wé, síbẹ̀ àwọn ló ń bi mí ní ìbéèrè. Bí wọ́n bá ti ọjà dé, wọ́n á nàka sí ọ̀kan.

"Èyí ńkọ́, dókítà?"

Èmi á da orúkọ rẹ̀ sílẹ̀ ní gẹ̀ẹ́sì. Wọ́n á ní, "Ó pé márùn-ún bí ìrun wa." Orí mi á wú. Aṣọ funfun dókítà ni mo máa ń wọ̀ lọ ra búrẹ́dì nígbà náà.

Ìdúró ọjà ti ba eékún wọn jẹ́. Oníkẹ́míìsì àdúgbò máa ń di oògùn ìrora oríṣiríṣi sínú ọ̀rá kékeré fún wọn, ó sì ń fi oògùn ẹ̀jẹ̀, èyí tó ń fún ara lẹ́jẹ̀, kún un. Nígbà tí ààwẹ̀ dé, oògùn ìrora yẹn ni wọ́n fi ń ṣínu, kí wọ́n tó kan ẹ̀kọ rárá. Ìṣojú mi ni wọ́n ti ń gbé e mì. Ìwé ni mo ń kà.

Lọ́jọ́ kan wọ́n pè mí sí kọ̀rọ̀, ojú ń tì wọ́n.

"Dókítà, ìgbẹ́ mi dúdú bí ọ̀dà, ó ti di ọjọ́ mẹ́ta. Ó sì ń rẹ̀ mí."

"Oògùn ẹ̀jẹ̀ tẹ́ ẹ ń lò ni, mà. Ó máa ń ṣe bẹ́ẹ̀."

Irọ́ kọ́, mo kà á nínú ìwé. Wọ́n ṣàdúrà fún mi, ọkàn wọn sì balẹ̀.

Lọ́jọ́ kejì, lẹ́yìn ìrun ọ̀sán, wọ́n bì, ẹ̀jẹ̀ ni. Mo gbé wọn sínú Márúwá, a dé ọsibítù, ṣùgbọ́n wọn ò rí ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà. Dókítà ibẹ̀ ní oògùn ìrora ti dá egbò sínú àpòlúkù wọn, egbò náà sì ti jẹ dé ara iṣan kan; irú ẹ̀jẹ̀ bẹ́ẹ̀ a sì máa sọ ìgbẹ́ di dúdú. Ó dárúkọ rẹ̀. Mo mọ̀ ọ́n, mo mọ ibi tó ti yà àti ibi tó ń lọ. Ó dùn mí ju ikú lọ.

Dókítà ni mí báyìí. Ọmọ wọn obìnrin tó ń gbé ní Àjàó máa ń pè mí ní gbogbo ààwẹ̀, á tún dúpẹ́ pé èmi ni mo gbé ìyá òun dé ọsibítù. Èmi á ní, "Ọlọ́run á forí jìn wọ́n." Mi ò tíì sọ fún un pé ìyá rẹ̀ ti kọ́kọ́ sọ ti ìgbẹ́ dúdú náà fún mi.