Ikọ́ Tó Wọlé Wa ní Rippleside

Ọjọ́ kẹta tí màámi dé láti Abẹ́òkúta sí ilé wa ní Rippleside, nílùú òyìnbó, ni mo kọ́kọ́ gbọ́ ikọ́ náà dáadáa. Wọ́n ń wẹ ọmọ mi lọ́wọ́, ọmọ ọ̀sẹ̀ mẹ́ta. Wọ́n na ẹsẹ̀ méjèèjì sílẹ̀ nínú ilé ìwẹ̀, wọ́n tẹ́ ẹ sórí itan, wọ́n ń fi omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ tẹ̀ ẹ́ lórí, ni ikọ́ bá dé, gbígbẹ, lẹ́ẹ̀mẹta léra. Wọ́n yíjú sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, wọ́n wú u tán, wọ́n sì ń bá oríkì ọmọ lọ bí ẹni pé kò sí nǹkan kan. Èmi dúró lẹ́nu ọ̀nà pẹ̀lú aṣọ ìnura lọ́wọ́, mò ń retí kó tún dé.

Ẹ jẹ́ kí n sọ irú ẹni tí mo jẹ́ fún yín. N kì í rò ó lẹ́ẹ̀mejì kí n tó sọ̀rọ̀. Ọkọ mi ní ẹnu mi máa ń ṣáájú mi dé ibi tí mò ń lọ. Tí ẹ bá wá fi ìwé kíkà kún irú inú fùfù bẹ́ẹ̀, wàhálà ti dé nìyẹn. Nígbà náà mò ń lọ sí kọ́lẹ́ẹ̀jì ní Rush Green, kí n lè di nọ́ọ̀sì, kí n sì bọ́ nínú iṣẹ́ ìtọ́jú àgbàlagbà tí mo ti ń ṣe láti ọjọ́ pípẹ́. Wọ́n gbà kí n máa kàwé nílé nítorí ọmọ, àmọ́ iṣẹ́ kan wà tí mo gbọ́dọ̀ kọ ránṣẹ́: ìtàn bí àwọn oníṣègùn àtijọ́ ṣe rí àwọn kòkòrò tó ń fa àrùn. Nínú gbogbo àrùn tó wà láyé, ikọ́ ife ni mo mú.

Mo kà nípa dókítà kan tó ní kí àwọn ẹlẹgbẹ́ òun máa fọwọ́ kí wọ́n tó gbẹ̀bí, tí wọ́n sì fi í ṣe yẹ̀yẹ́ títí orí rẹ̀ fi dàrú. Mo kà nípa ará Faransé kan tó se omi ẹran títí gbogbo ohun tó ń mí nínú rẹ̀ fi kú, tó sì fi hàn pé kò ní í bà jẹ́ bí eruku kò bá kàn án. Mo wá kan dókítà ará Jámánì, tó mú nínú ẹ̀dọ̀fóró àwọn tí ikọ́ ife pa, tó rẹ ẹ́ sínú aró, tó sì rí àwọn kòkòrò tín-ín-rín bí igi ìtayín nínú awò tó ń sọ ohun kékeré di ńlá. Kó tó rí wọn, àwọn ọ̀mọ̀wé ńláńlá ló ń sọ pé inú ẹ̀jẹ̀ ìdílé ni ikọ́ ife ti ń wá. Gbogbo yín mọ ọ̀rọ̀ yẹn. Òyìnbó nìkan kọ́ ló sọ ọ́.

Mo ro ìtàn aró yìí fún màámi ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan tí wọ́n ń ká aṣọ ọmọ. Ọmọ aláró ni wọ́n. Ìyá tó bí wọn rẹ aṣọ títí ọwọ́ rẹ̀ fi dúdú dé ìgbúnwọ́. Wọ́n bú sẹ́rìn-ín.

"Ikọ́ ni wọ́n rẹ láró?"

"Kòkòrò rẹ̀ ni, mà. Ọ̀rá wà lára rẹ̀, aró kì í tètè wọ̀ ọ́. Ó fi í sílẹ̀ di ọjọ́ kejì kó tó mú un."

"Ẹn-ẹ́n. Bí ibi tí a bá fi ẹ̀kọ yà sí lára àdìrẹ nìyẹn. Kì í jẹ́ kí aró wọlé."

Ẹ̀rín wá kúrò lójú wọn. Wọ́n sọ ohun tí n kò gbọ́ rí láti kékeré. Àbúrò wọn ọkùnrin, èyí tó máa ń gbé mi lé èjìká kiri agboolé, tí wọ́n sọ fún wa pé ibà ló pa á, ikọ́ ife ló pa á. Àwọn tó fẹ́ gbé àbúrò wọn obìnrin níyàwó wá ṣèwádìí ìdílé, wọ́n gbọ́, wọn kò sì padà wá mọ́.

"Kò sí ẹni tó fẹ́ ẹ títí tó fi kú," ni màámi wí. "Jọ̀ọ́, má dárúkọ àrùn yẹn létí mi mọ́."

Ẹ wò ó, ọ̀rọ̀ yẹn ló ya mí ní wèrè. Èmi tí mo ń kọ ọ́ sínú ìwé pé kì í ṣe ẹ̀jẹ̀ ìdílé, èmi náà ni mo jókòó tí mò ń ka àwọn ará ìdílé mi lórí ìka: ẹ̀gbọ́n ń wúkọ́, ikọ́ ló pa àbúrò. Wọn kò sì tíì gún ọmọ mi ní abẹ́rẹ́ tó ń dènà ikọ́ ife, ọjọ́ rẹ̀ kù díẹ̀. Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ yẹn ni mo gba ọmọ lọ́wọ́ màámi. Mo ní kí wọ́n máa wà ní yàrá òkè, èmi á máa wẹ ọmọ mi fúnra mi. Mo mú ọ̀dà èékánná pupa, mo fi ṣàmì sí ìdí abọ́ wọn àti ìdí ife wọn. Ìwé ti sọ fún mi pé inú afẹ́fẹ́ ni kòkòrò yẹn ń gbà kọjá, kì í ṣe inú abọ́. Mo mọ̀ ọ́n. Mo ṣì kùn ún.

"Ṣé o ò rí i pé o ti ń ṣe é jù?" ọkọ mi bi mí.

"Tí ẹ̀dọ̀fóró ọmọ yìí bá bà jẹ́, ṣé ìwọ lo máa bá mi tún un ṣe?"

Ó gbé abọ́ oúnjẹ màámi, ó gòkè lọ.

Èyí tó burú jù kò tíì dé. Ìyá ọkọ mi pè láti Ìbàdàn, wọ́n ní kí màámi gbé ọmọ sún mọ́ fóònù kí àwọn rí i. Ẹnu mi tún ṣáájú mi. Mo ní màámi kò gbé e mọ́, ikọ́ ife ló wà lára wọn. Mi ò ní mo rò pé ó wà o, mo ní ó wà! Kí ọ̀sẹ̀ yẹn tó parí, ọ̀rọ̀ náà ti gba orí fóònù dé etí àwọn ìyá ìjọ wa, ìjọ aláṣọ funfun, tí wọ́n ti ń gbé oúnjẹ wá wò wá lójoojúmọ́, wọn kò sì wá mọ́. Ọ̀kan nínú wọn gbé abọ́ ọbẹ̀ sẹ́nu ilẹ̀kùn, ó tẹ aago, ó sì sáré padà sínú ọkọ̀. Màámi ń wò ó láti ojú fèrèsé òkè. Wọ́n mọ ẹni tó sọ ọ́, wọn kò sì bá mi jà. Ìyẹn ló dùn mí jù, torí ìjà ni èmi mọ̀ ọ́n jà.

Mo mú wọn lọ sí ilé ìwòsàn. Nọ́ọ̀sì ya àwòrán àyà wọn, ó ní kí wọ́n hú kẹ̀lẹ̀bẹ̀ láti ìsàlẹ̀ àyà sínú ife kékeré kan, ó sì kọ orúkọ gbogbo oògùn tí wọ́n ń lò sílẹ̀. Lẹ́yìn náà ló wá kọjú sí mi.

"Ìwọ náà ń wúkọ́."

Mo wẹ̀yìn, kí n lè rí ẹni tó ń bá wí.

"Ọmọ ni mo ṣẹ̀ṣẹ̀ bí," ni mo sọ.

"Ó ti tó ìgbà wo?"

"Láti inú oyún. Ọ̀tútù ni."

Ó béèrè bóyá mò ń làágùn tí mo bá sùn. Ta ló bímọ tí kì í làágùn? Ó béèrè bóyá mo ti rù. Mo ní bẹ́ẹ̀ ni, aṣọ mi àtijọ́ ti ń gbà mí, mo tiẹ̀ ń dúpẹ́. Kò rẹ́rìn-ín. Ó ya àwòrán àyà tèmi náà, ó sì fún mi ní ife kékeré tèmi. Inú bí mi, mo já ife náà gbà lọ́wọ́ rẹ̀.

Ọjọ́ méjì la fi dúró. N kò jẹun, n kò kọ̀wé. Gbogbo ìgbà tí màámi bá wúkọ́ lókè, mo máa ń di ọmọ mú mọ́ àyà mi bí ẹni pé wọ́n fẹ́ já a gbà.

Ọ̀sán ọjọ́ kẹta ni fóònù dún. Nọ́ọ̀sì ní àyà ìyá mi mọ́. Oògùn ẹ̀jẹ̀ ríru tí wọ́n ń lò láti Abẹ́òkúta ló ń fa ikọ́ gbígbẹ yẹn, dókítà máa bá wọn pààrọ̀ rẹ̀. Mo ké halelúyà. Obìnrin náà dúró kí n ké e tán.

"Ìwọ ni," ó wí. "Inú kẹ̀lẹ̀bẹ̀ tìrẹ la ti rí i. Gbé ọmọ wá báyìí."

Ọmú mi wà lẹ́nu ọmọ lọ́wọ́. Gbogbo ọjọ́ tí mo fi lé ìyá mi sókè, èmi ni mò ń mí sí i lójú.

Wọ́n ya àwòrán àyà kékeré yẹn. Wọ́n ti fi ìbòmú bò mí, n kò lè di ọmọ mi mú, màámi ló gbé e dúró. Ó ń sunkún, èmi náà ń sunkún. Nígbà tó yá, dókítà jáde, ó ní àyà ọmọ mọ́, àmọ́ yóò máa mu oògùn olómi fún oṣù bíi mélòó kan, wọ́n á sì tún un yẹ̀ wò. Èmi á lo tèmi fún oṣù mẹ́fà. Mo béèrè ibi tí mo ti kó o. Ó ní kò sí ẹni tó lè sọ. Kòkòrò náà lè ti sùn sí mi láyà láti kékeré.

Mo rántí èjìká àbúrò màámi. Ìgbà yẹn ni ohun tí mo ti kọ sínú ìwé tó yé mi. Àwọn ọ̀mọ̀wé àtijọ́ rí bàbá tó ń wúkọ́, wọ́n rí ọmọ tó ń wúkọ́, wọ́n ní ẹ̀jẹ̀ ni. Wọn kò rò ó pé yàrá kan náà ni wọ́n jọ ń sùn, afẹ́fẹ́ kan náà ni wọ́n jọ ń mí.

Bí a ṣe délé, mo gbé fóònù. Màámi wà lórí àga pẹ̀lú ọmọ lórí itan.

"Ta lo fẹ́ pè?"

"Ìyá ọkọ mi. Mo fẹ́ sọ fún wọn pé kì í ṣe ẹ̀yin."

"Gbé e sílẹ̀."

"Màámi, mo ti bà yín lórúkọ jẹ́!"

"O ti bà á jẹ́ tán. Kí ló tún kù tí wọ́n fẹ́ fi mí ṣe? Bàbá rẹ ti kú, n ò wá ọkọ mìíràn. Ìwọ lo wà nílé ọkọ. Obìnrin lo sì bí. Wọ́n ń bọ̀ wá ṣèwádìí ìyá rẹ̀ lọ́jọ́ kan."

"Kì í ṣe àrùn ìdílé, mà! Gbogbo ẹ̀ ni mo kọ sínú ìwé!"

"Ṣé àwọn ló ń ka ìwé rẹ?"

Èmi tí n kì í rò ó lẹ́ẹ̀mejì, mo rò ó lọ́jọ́ yẹn. Mo gbé fóònù sílẹ̀.

Ó ti tó ọdún méjì báyìí tí màámi ti padà sí Abẹ́òkúta. Ara mi ti yá, ọmọ mi ń sáré kiri ilé. Ìyá ọkọ mi ṣì máa ń béèrè lórí fóònù pé àyà ìyá mi ńkọ́, ṣé ikọ́ yẹn ti lọ. Mo máa ń dá wọn lóhùn pé ẹ ṣé, mà, wọ́n ti ń gbádùn.